Ẹ Wo Ewé Kí Ẹ Tó Wo Òdòdó

Ní ìlú Missoula, ní ìpínlẹ̀ Montana, lápá ìwọ̀-oòrùn Amẹ́ríkà, kò sẹ́ni tó ń béèrè pé níbo ni òkè Sentinel wà. Ẹ̀yìn Yunifásítì Montana gan-an ló ti dìde, orí rẹ̀ sì fi mítà 1,572 ga ju ìtẹ́jú òkun lọ. Níhà tó kọjú sí ìlú, igi kò pọ̀ lára rẹ̀. Koríko ni, àti àpáta tó ń yọrí láàárín koríko. Lẹ́tà M funfun gàgàrà kan, tí wọ́n fi kọnkéré ṣe, wà ní ìbàdí rẹ̀. Òjò dídì ló ń bo òkè yìí nígbà òtútù. Nígbà ẹ̀ẹ̀rùn, ó máa ń gbẹ háúháú. Ṣùgbọ́n bí oṣù karùn-ún bá ti wọlé, ara rẹ̀ á pọ́n ròrò, débi pé ẹni tó ń wakọ̀ lọ ní ìsàlẹ̀ á rí i.

Òdòdó tó ń sọ ọ́ dà bẹ́ẹ̀ ni wọ́n ń pè ní arrowleaf balsamroot. Àwọn onímọ̀ ewéko ń pè é ní Balsamorhiza sagittata. Kò sẹ́ni tó gbìn ín síbẹ̀. Fúnra rẹ̀ ló ń hù. Ewé rẹ̀ ń kú lọ́dọọdún, gbòǹgbò rẹ̀ kì í kú, bí òjò dídì bá sì ti yọ́, á tún rú. Ilẹ̀ gbígbẹ olókùúta, lára àwọn òkè ìwọ̀-oòrùn Amẹ́ríkà àti ti Kánádà, ni ibùgbé rẹ̀.

Ìparí oṣù karùn-ún ni mo gun òkè náà lọ wò ó. Ẹ̀gbọ́n mi obìnrin kan ló mú mi lọ, ọmọ Ìjẹ̀bú, nọ́ọ̀sì, tó ti pẹ́ ní Missoula. Ọjọ́ tí kò bá sí lẹ́nu iṣẹ́, ó máa ń bá àwọn tó yọ̀ǹda ara wọn lọ tu èpò lórí òkè yìí. Kí a tó gbéra ló ti fi òfin lélẹ̀.

"Àbúrò, o máa rí yẹ́lò títí á fi sú ọ. Má ya fọ́tò ọ̀kankan kó o tó wo ewé rẹ̀."

"Ẹ̀gbọ́n, ṣé ewé ló pe èèyàn wá síbí ni, àbí òdòdó?"

"Òdòdó ló pè ọ́. Ewé ló máa sọ ẹni tó pè ọ́ fún ọ."

Ìsàlẹ̀ òkè

Ó ní kí n ki ẹsẹ̀ ṣòkòtò bọ inú ìbọ̀sẹ̀. Eégbọn ló ń ṣọ́ra fún. Ní àkókò yìí, eégbọn máa ń gun orí koríko, á dúró de ohunkóhun tó bá fara kàn án. Eré kọ́ ni wọ́n ń fi eégbọn ṣe níhìn-ín. Ní ìbẹ̀rẹ̀ ọ̀rúndún ogún, ibà kan tí wọ́n ń pè ní Rocky Mountain spotted fever pa ènìyàn gan-an ní àfonífojì Bitterroot, tó wà ní gúúsù Missoula. Dókítà Howard Ricketts ló lọ síbẹ̀ ní 1906, tó sì fi hàn pé eégbọn ló ń gbé àrùn náà kiri. Mo ki ṣòkòtò bọ ìbọ̀sẹ̀, mi ò jiyàn.

Òwúrọ̀ ni. Ìwọ̀-oòrùn ni ojú òkè kọ sí, nítorí náà oòrùn ṣì wà lẹ́yìn rẹ̀, òjìji rẹ̀ sì bo yunifásítì mọ́lẹ̀. Ìtùra àárọ̀ lásán nìyẹn. Tó bá di ọ̀sán, oòrùn á kọjú sí ìdagẹ̀rẹ́ yìí tààrà títí di àṣálẹ́. Gbogbo òjò àti òjò dídì tó ń rọ̀ ní Missoula láàárín ọdún kan kò ju nǹkan bíi mìlímítà 350 lọ, èyí tó bá sì bọ́ sórí gẹ̀rẹ́gẹ̀rẹ́ òkè kì í dúró. Erùpẹ̀ tó wà lórí àpáta kò nípọn. Àpáta náà fúnra rẹ̀ ti lé ní ọdún bílíọ̀nù kan. Ẹrẹ̀ ìsàlẹ̀ omi ni kí ó tó di òkúta, àwọn kan pupa, àwọn kan bí ewé, a sì máa rí ipa ìgbì omi ayé ìgbà náà lára àwọn mìíràn.

Àwọn balsamroot tí a kọ́kọ́ bá ti kọjá ìgbà ẹwà wọn. Yẹ́lò wọn ti ń ṣá, orí òdòdó ti ń tẹ̀. Ẹ̀gbọ́n ní ibẹ̀ gan-an ló yẹ kí n ti bẹ̀rẹ̀, nítorí òdòdó kò ní dí mi lójú. Ó ní kí n fi ọwọ́ pa ewé kan.

Ewé náà rí bí orí ọfà, ó gùn tó sẹ̀ǹtímítà 30, etí rẹ̀ sì dán, kò ní eyín. Irun funfun wẹ́wẹ́ ló bò ó, ìyẹn ló fi ní àwọ̀ eérú dípò àwọ̀ ewé tútù. Iṣẹ́ pọ̀ lọ́wọ́ irun yìí: ó ń dá ìmọ́lẹ̀ oòrùn padà, ó sì ń ká atẹ́gùn lọ́wọ́ kò kí ó má fa gbogbo omi ara ewé tán. Láti ìdí ni àwọn ewé ti ń yọ, wọ́n kó ara wọn jọ, igi òdòdó wá gba àárín wọn dìde. Igi kọ̀ọ̀kan sábà máa ń ru orí kan ṣoṣo.

Orí kan yẹn, ọ̀pọ̀ òdòdó ló wà nínú rẹ̀. Àwọn tó wà létí na ewé òdòdó yẹ́lò gígùn síta yí ká. Àwọn ti àárín kéré, wọ́n há mọ́ra wọn gádígádí. Bí òdòdó ìdílé wọn ṣe rí nìyẹn, ìdílé ńlá sì ni. Inú rẹ̀ ni sunflower wà. Inú rẹ̀ náà ni ewúro, ebòlò àti yánrin tí à ń jẹ nílé wà.

Ẹ̀gbọ́n rẹ́rìn-ín nígbà tí mo sọ bẹ́ẹ̀ fún un. "Ewúro kan wà nínú ìkòkò létí fèrèsé mi. Mi ò lè gbé e síta nígbà òtútù, kò ní rí ọjọ́ kejì. Ìbátan rẹ̀ rèé tó ń sùn sábẹ́ yìnyín lọ́dọọdún."

Àwọn ìbátan yìí kò pín ogún bákan náà. Irúgbìn yánrin ní òwú funfun tí atẹ́gùn fi ń gbé e lọ sí oko olóko. Irúgbìn balsamroot kò ní òwú kankan. Ẹsẹ̀ ìyá rẹ̀ ló ń já sí, àfi bí eku tàbí ẹyẹ bá gbé e, èyí tí wọ́n bá sì gbé, jíjẹ ni wọ́n ń jẹ púpọ̀ nínú rẹ̀. Èyí tó bá yè gbọ́dọ̀ lo oṣù méjì tàbí mẹ́ta nínú ilẹ̀ tútù kí ó tó lè hù. Nítorí náà, bí ẹ bá rí ẹ̀gbẹ́ òkè tí balsamroot bò, ẹ mọ̀ pé kì í ṣe iṣẹ́ ọdún kan. Ìṣísẹ̀ díẹ̀díẹ̀ ló fi gba ibẹ̀.

Etí lẹ́tà M

Ọ̀nà lọ́ sọ́tùn-ún, ó lọ́ sósì, títí a fi dé ìdí lẹ́tà M. Àwọn ọ̀dọ́ yunifásítì jókòó síbẹ̀, wọ́n ń mu omi. Ìlú tẹ́ sílẹ̀ lábẹ́ wa, odò Clark Fork gba àárín rẹ̀ kọjá. Ní òdìkejì odò ni òkè Jumbo wà, ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ ni Ẹ̀gbọ́n ní kí n wò. Ìlà tẹ́ẹ́rẹ́tẹ́ẹ́rẹ́ fi ìbú gba ara òkè náà kọjá, ọ̀kan lórí èkejì. Ẹni tí kò mọ̀ á ní màlúù ló tẹ̀ ẹ́. Etí omi ni.

Ní nǹkan bíi ọdún 15,000 sẹ́yìn, nígbà tí yìnyín bo àríwá ilẹ̀ yẹn, apá kan yìnyín náà dí odò Clark Fork níbi tí Montana àti Idaho ti pààlà. Omi kó jọ sẹ́yìn rẹ̀, ó di adágún tó gbòòrò. Níbi tí Missoula wà lónìí, ó jìn tó nǹkan bíi mítà 290. Ibi tí a dúró sí yìí, inú omi ni. Nígbà tó yá, yìnyín já, omi ya gììrì lọ sí Òkun Pàsífíìkì. Yìnyín tún dí odò, adágún tún kún. Ó ṣẹlẹ̀ lọ́pọ̀ ìgbà. Ní 1910, onímọ̀ nípa ilẹ̀ kan, Joseph Pardee, kọ̀wé nípa adágún náà.

Ohun tí ìtàn omi yìí kọ́ mi nípa òdòdó ni pé kò sí ewéko kan ní ìdajì ìsàlẹ̀ òkè yìí tí a bí síbẹ̀ láti ìpilẹ̀ṣẹ̀. Lẹ́yìn omi ni gbogbo wọn dé, balsamroot náà ń bẹ nínú wọn. Àlejò ni òun náà nígbà kan rí. Bí a bá wá ń pè é ní onílé lónìí, ọ̀nà tó gbà gbé ilẹ̀ náà ló sọ ọ́ di onílé.

Nígbà tí a gùn díẹ̀ sí i, a rí ibi tí òjò ti gbá etí ọ̀nà lọ, gbòǹgbò balsamroot kan sì yọ síta. Ibẹ̀ ni mo ti rí ohun tí òdòdó ń bò mọ́lẹ̀. Gbòǹgbò náà tóbi tó apá àgbàlagbà, èèpo rẹ̀ ṣókùnkùn, ó la àlàfo òkúta kọjá, ó sì ń lọ sílẹ̀ láì yà síbì kan. Òórùn oje igi ń tú jáde lára rẹ̀. Gbòǹgbò balsamroot lè wọlẹ̀ ju mítà méjì lọ, ó sì lè fẹ̀ tó sẹ̀ǹtímítà 10 lórí. Ohun tó ń bẹ lẹ́yìn ẹ̀fà, ó ju èje lọ.

Gbòǹgbò yìí ló kọ́kọ́ ń kọ́ ilé. Fún ọdún mélòó kan lẹ́yìn tí irúgbìn bá hù, ewé díẹ̀ ni ènìyàn á máa rí, kò ní sí òdòdó rárá, nítorí ìsàlẹ̀ ni gbogbo agbára ń lọ. Bó bá ti wá fìdí múlẹ̀, ó lè pé ọ̀pọ̀ ẹ̀wádún kí ó tó kú. Iná ìgbẹ́ lè jó ewé rẹ̀ tán. Láti orí gbòǹgbò ni á ti tún rú. Nígbà tí ẹ̀ẹ̀rùn bá le, ní oṣù keje tàbí oṣù kẹjọ, á jẹ́ kí ewé rẹ̀ gbẹ, á sì sá sábẹ́ ilẹ̀. Ohun kan ṣoṣo tí kì í fara mọ́ ni kí á hú u lọ gbìn síbòmíràn. Ẹni tó bá gé gbòǹgbò náà ti pa á.

"Àwọn kan máa ń wá pẹ̀lú ṣọ́bìrì," Ẹ̀gbọ́n wí. "Wọ́n á ní àwọn fẹ́ ẹ sí iwájú ilé. Òkú ni wọ́n ń gbé lọ."

Àwọn tó mọ̀ ọ́n kí ó tó wọ ìwé

Ilẹ̀ àwọn Salish, ẹ̀yà kan lára àwọn onílẹ̀ Amẹ́ríkà, ni àfonífojì Missoula. Oúnjẹ àti oògùn ni balsamroot lọ́dọ̀ wọn àti lọ́dọ̀ àwọn ẹ̀yà mìíràn yí ká. Ní ìbẹ̀rẹ̀ ìgbà ìrúwé, kí ewé tó le, wọ́n á já ọ̀mùnú rẹ̀ jẹ. Wọ́n á bó igi òdòdó tó ṣì rọ̀, wọ́n á jẹ inú rẹ̀. Tí irúgbìn bá gbó, wọ́n á yan án, wọ́n á lọ̀ ọ́ di ìyẹ̀fun. Gbòǹgbò ni iṣẹ́ rẹ̀ pọ̀ jù. Ó le, oje inú rẹ̀ sì korò lẹ́nu, nítorí náà kòtò ni wọ́n ń gbẹ́, wọ́n á to òkúta gbígbóná sí i, wọ́n á bò ó mọ́lẹ̀, kí ooru máa sè é fún wákàtí púpọ̀. Sítáàṣì inú gbòǹgbò yìí kì í ṣe irú ti iṣu. Inulin ni, tí ikùn ènìyàn kì í lè dà. Ooru pípẹ́ ló ń fọ́ ọ di ohun tó dùn. Ẹni tó kọ́kọ́ mọ̀ pé kòtò gbígbóná ni ẹ̀rọ̀ rẹ̀ ti ṣe ìwádìí kí wọ́n tó kọ́ yàrá ìwádìí. Ewé rẹ̀ ńkọ́? Wọ́n ń dì í mọ́ ibi tí iná bá jó ènìyàn.

Ní ọjọ́ 4 oṣù keje, 1806, arìnrìn-àjò Meriwether Lewis àti àwọn ènìyàn rẹ̀ gba àfonífojì yìí kọjá bí wọ́n ti ń darí sílé láti etí Òkun Pàsífíìkì. Ó ti já balsamroot kan lẹ́bàá odò Columbia ní oṣù kẹrin ọdún náà; ní ọjọ́ 7 oṣù keje, ó tún já òmíràn ní ọ̀nà orí òkè tí ó gbà kọjá sí ìlà-oòrùn. Láti ara ohun tó kó dé ni onímọ̀ ewéko Frederick Pursh ti kọ àpèjúwe rẹ̀ sínú ìwé, nígbà tó sì di 1840, onímọ̀ ewéko mìíràn, Thomas Nuttall, fún un ní orúkọ tó ń jẹ́ lọ́dọ̀ àwọn onímọ̀ títí dòní.

Orúkọ wọ ìwé, àwọn tó ń jẹ ẹ́ kúrò nílẹ̀. Ní 1855, àwọn Salish àti ìjọba Amẹ́ríkà tọwọ́ bọ àdéhùn ilẹ̀ tí wọ́n ń pè ní Hellgate nítòsí Missoula. Nígbà tó di 1891, wọ́n kó àwọn Salish tó kù ní àfonífojì Bitterroot, pẹ̀lú Charlo olórí wọn, lọ sí ilẹ̀ tí ìjọba yà sọ́tọ̀ fún wọn ní àríwá. Balsamroot kò bá wọn lọ. Kò ṣeé hú.

Yẹ́lò àwọn àtọ̀húnrìnwá

A ti rìn kọjá lẹ́tà M dáadáa kí a tó kan yẹ́lò mìíràn. Láti òkèèrè, mi ò bá búra pé ọ̀kan náà ni. Mo yọ fóònù. Ẹ̀gbọ́n kàn ń wò mí ni. Mo bá tẹ̀ mọ́lẹ̀, mo wo ewé.

Ewé tín-ín-rín ni, kò ní irun, ó tò yí igi rẹ̀ ká láti ìsàlẹ̀ dókè. Yẹ́lò rẹ̀ ní àwọ̀ ewé nínú. Ẹ̀gbọ́n wọ ìbọ̀wọ́, ó já ọ̀kan, oje funfun sì sẹ̀ jáde lójú ẹsẹ̀. Leafy spurge nìyẹn, ìdílé ẹ̀gẹ́ àti lápálàpá ni, oje rẹ̀ sì máa ń jó ènìyàn lára. Láti Yúróòpù àti Éṣíà ló ti wá. Àkọsílẹ̀ rẹ̀ àkọ́kọ́ ní Amẹ́ríkà wà ní Massachusetts, ní 1827. Bó bá dé ibì kan, abẹ́ ilẹ̀ ló ń gbà tàn kálẹ̀, títí koríko àti òdòdó mìíràn kò fi ní rí àyè. Gbòǹgbò rẹ̀ lè jìn ju ti balsamroot lọ. Èyí ni kò jẹ́ kí n lè sọ pé gbòǹgbò jíjìn nìkan ni ẹ̀rí onílé. Láàárín ìdì balsamroot kan sí èkejì, mo ti rí koríko, mo ti rí òdòdó lupine aláwọ̀ aró. Láàárín spurge, spurge ni mo rí.

Kò pẹ́ tí yẹ́lò kẹta fi yọ. Dalmatian toadflax, láti gúúsù Yúróòpù, tí wọ́n gbé wọ Amẹ́ríkà nítorí ẹwà, kí ó máa ṣe ọgbà ilé lọ́ṣọ̀ọ́. Òdòdó rẹ̀ ní ètè méjì àti ìrù gígùn lẹ́yìn. Ewé rẹ̀ ń dán, ó dì mọ́ igi rẹ̀. Ó ti fo ọgbà, ó ti gun òkè.

Ìlú Missoula ti kó àgùntàn wá sórí Jumbo àti Sentinel kí wọ́n lè máa jẹ spurge, nítorí màlúù kì í fẹ́ fẹnu kàn án, àgùntàn àti ewúrẹ́ ló lè jẹ ẹ́. Ṣùgbọ́n àgùntàn fẹ́ràn òdòdó balsamroot pẹ̀lú, ó tilẹ̀ dùn mọ́ wọn lẹ́nu ju spurge lọ. Bí darandaran bá kó wọn wá ṣáájú àkókò, onílé ni wọ́n á jẹ, wọ́n á fi àlejò sílẹ̀. Àwọn onímọ̀ tún ti kó kòkòrò kékeré kan wá láti Yúróòpù, tí àwọn ọmọ rẹ̀ ń jẹ gbòǹgbò spurge. Èyí tó kù, ọwọ́ ni wọ́n fi ń tu ú. Ibẹ̀ ni Ẹ̀gbọ́n ti wọlé.

"Ọjọ́ àkọ́kọ́ tí ẹni tuntun bá bá wa wá, a kì í fún un ní ohun èlò," ó wí. "Ewé la máa kọ́kọ́ fi hàn án. Ẹni tí kò mọ ewé, ohun tí a wá gbà là ló máa tu."

Apá òkè

Bí a ti ń gùn, ọjọ́ ń padà sẹ́yìn. Ní ìsàlẹ̀, balsamroot ti ń so. Ní ìbàdí òkè, ó ń ṣá. Ṣùgbọ́n nígbà tí a súnmọ́ orí òkè, níbi tí òtútù ti pẹ́ kí ó tó lọ, ńṣe ló ṣẹ̀ṣẹ̀ tanná. Oòrùn ti yọ sí wa níwájú. Ìdì kan lè ru orí òdòdó tó ogún, gbogbo wọn ń tàn. Oyin igbó, irú èyí tó ń dá gbé nínú ihò ilẹ̀, ń ti orí kan bọ́ sórí èkejì, ìyẹ̀fun yẹ́lò kún ẹsẹ̀ wọn. Àwọn igi òdòdó kan wà tí kò ní orí mọ́: àgbọ̀nrín ti já a jẹ, ó fi ewé sílẹ̀.

Mo ya fọ́tò níbẹ̀. Mo kọ́kọ́ wo ewé.

Lẹ́yìn ibẹ̀, ọ̀nà wọ abẹ́ igi ní ìhà tí oòrùn kì í pẹ́ sí. Ilẹ̀ tutù, yẹ́lò kẹrin sì wà níbẹ̀ tó ń dúró dè wá. Mo tẹ̀ mọ́lẹ̀ láìjẹ́ pé wọ́n sọ fún mi. Ewé rẹ̀ rí bí ọkàn, méjì méjì ni wọ́n kọjú síra wọn lára igi, etí wọn ní eyín. Arnica ni, ọmọ ìdílé balsamroot, onílé pẹ̀lú. Òjìji ló fẹ́ràn. Kò bá balsamroot du oòrùn, balsamroot náà kò bá a du òjìji.

Ẹni tó bá fẹ́ wá wò wọ́n, ìdajì àkọ́kọ́ oṣù karùn-ún ló dára fún ìsàlẹ̀ òkè; ìparí oṣù náà, kí ó múra láti gùn dé òkè. Òkè Jumbo náà ní tirẹ̀, àmọ́ ìlú máa ń ti àwọn apá kan ibẹ̀ nígbà òtútù nítorí elk, àgbọ̀nrín ńlá tó ń lo ibẹ̀ fi yè títí òjò dídì á fi yọ́, nítorí náà ẹ ka pátákó ẹnu ọ̀nà. Ẹ gbé omi dání. Ẹ yẹ ara yín wò fún eégbọn. Ẹ má já òdòdó, ẹ má mú ṣọ́bìrì wá.

Ẹ sì mú búrọ́ọ̀ṣì. Ẹ̀gbọ́n ní ọ̀kan nínú báàgì rẹ̀, ó ti fi gbọn ìdí bàtà wa kí a tó fi ẹsẹ̀ kan ọ̀nà, ó sì tún fi gbọ̀n ọ́n nígbà tí a sọ̀ kalẹ̀. Irúgbìn balsamroot kò lè rìn kúrò lẹ́sẹ̀ ìyá rẹ̀, ṣùgbọ́n irúgbìn èpò kì í kọ bàtà. Ọ̀pọ̀ àwọn tó wá wo yẹ́lò tòótọ́ ló ń gbé ayédèrú gun òkè láìmọ̀. Bàtà tó bá mọ́ ni ọrẹ tí àlejò lè fún òkè yìí, kò sì ná ẹnikẹ́ni ní kọ́bọ̀.